Iye Ìgbà Tí Ìyá Sìdí Dìde

Ìjẹ̀bú-Òde,
Ọ̀sán Ọjọ́rú.

Kúdíràtù ọmọ mi, Àbẹ̀kẹ́ mi,

Jọ̀wọ́, má bínú pé mo kọ ìwé yìí. Láti àárọ̀ ni mo ti ń mú bírò tí mo tún ń gbé e sílẹ̀. Ta ni mo jẹ́ tí n óò máa gba irú rẹ nímọ̀ràn? Ìwọ ti kàwé gboyè, o ti ń kọ́ ọmọ ọlọ́mọ ní ìṣirò. Èmi ṣì wà ní ọdún kìíní ẹ̀kọ́ kọ̀mpútà, mo ń jókòó láàárín àwọn ọmọ tí mo lè bí, ìdánwò kékeré tí a sì ṣe kẹ́yìn, mẹ́rin péré ni mo gbà nínú mẹ́wàá. Ẹni tó gba mẹ́rin nínú mẹ́wàá, kí ló tún fẹ́ sọ?

Àmọ́ ohun tó o sọ fún mi lórí fóònù lánàá kò jẹ́ kí n rójú. Mo dìde, mo jókòó, mo tún dìde. Obìnrin kan wá ra sáńdà iléèwé fún ọmọ rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù bàtà mi, ẹsẹ̀ òsì méjì ni mo dì fún un. Ó ti dé títì kó tó padà wá.

"Ìyá Kúdí, ṣé ẹsẹ̀ òsì nìkan ni ọmọ tèmi fi ń rìn ni?"

Mo bẹ̀ ẹ́. Ìgbà yẹn ni mo mọ̀ pé bí n kò bá kọ ọ́ sílẹ̀, gbogbo ìlú ni n óò di ẹsẹ̀ òsì méjì fún.

Jẹ́ kí n tún ọ̀rọ̀ rẹ sọ bí mo ṣe gbọ́ ọ, kó má lọ jẹ́ pé èmi ni mo ṣì í gbọ́. O ní ní ọjọ́ Àìkú tó ń bọ̀, ẹbí ọkọ rẹ yóò pé jọ fún àdúrà ní Ìjẹ̀bú-Igbó, àti pé ìgbà àkọ́kọ́ tí ìwọ yóò bá àwọn ìyàwó ilé jókòó nìyí láti ìgbà tí wọ́n ti so yìgì yín. Ìyàwó márùn-ún ni yóò jókòó ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ẹni tó kọ́kọ́ wọlé níwájú, ẹni tó wọlé kẹ́yìn lẹ́yìn. Ìwọ ni ìkarùn-ún. Rọ́fíà, ìyàwó àbúrò ọkọ rẹ, ni ìkẹrin. Rọ́fíà yìí kan náà tó jẹ́ júníọ̀ rẹ ní iléèwé girama, tó máa ń pọn omi fún ọ.

O ní, "Màámi, mo ju ọmọ yẹn lọ dáadáa. Kí n wá máa kúnlẹ̀ kí i? Kí n máa pè é ní ìyálé? Ẹ̀ẹ̀kan péré náà ni. Kó kàn dìde fún mi lójú gbogbo wọn, ọ̀rọ̀ parí."

Mo ní, "Bí kò bá wá dìde ńkọ́?"

O ní, "Mo ń bọ̀ nílé nìyẹn. Bí Mùtíù bá fẹ́ mi, á wá bá mi níbẹ̀."

Mo ní nẹ́tíwọ̀kì ń já. Nẹ́tíwọ̀kì kò já, ọmọ mi. Mo ń bẹ̀rù pé bí mo bá sọ̀rọ̀ òdì, ìwọ yóò di ẹrù rẹ kó tó di ọjọ́ Àìkú ọ̀hún pàápàá.

Ohun tí mo wá fẹ́ fi bá ọ sọ̀rọ̀ yìí, bóyá ó bá a mu, bóyá kò bá a mu. Bí a ṣe ń to nǹkan lẹ́sẹẹsẹ ni wọ́n ń kọ́ wa lọ́wọ́: bí kọ̀mpútà ṣe ń to nọ́ńbà láti kékeré dé ńlá, àti bí a ṣe ń ka iye ìgbà tí nọ́ńbà méjì pààrọ̀ ipò kí ìlà náà tó tò. A óò tún ṣe ìdánwò rẹ̀ lọ́jọ́ Ajé. Òun ló kún inú orí mi. Bí mo bá ń se oúnjẹ, òun ni. Bí mo bá ń kírun, kí Ọlọ́run dárí jì mí, òun ni. Nígbà tó o wá ní "kó kàn dìde fún mi", ìpààrọ̀ ni mo gbọ́. Bí mo bá ṣì í, ìwọ olùkọ́ ìṣirò, tún un ṣe fún mi.

Èkíní. Wíwò kì í ṣe ìpààrọ̀. Ibí yìí gan-an ni mo ti pàdánù máàkì mẹ́fà mi. Olùkọ́ wa, ọmọkùnrin kékeré kan tó máa ń kí mi tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ kó tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, kọ nọ́ńbà sójú pátákó, ó ní ká ka iye ìpààrọ̀ rẹ̀. Gbogbo ìgbà tí mo bá ti wo nọ́ńbà méjì pé èwo ló tóbi jù, mo fa ìlà kan sínú ìwé, yálà wọ́n sún tàbí wọn ò sún. Ìlà mi kún ojú ìwé bíi koríko. Nígbà tó dá ìwé padà, ó tẹ̀ ba, ó ní, "Màmá, títò yín dára. Kíkà lẹ ṣì. Ẹ ka ojú mọ́ ọwọ́."

Mo rò ó títí mo fi délé. Ojú ń wò, kì í gbé nǹkan kúrò. Ọwọ́ ló ń gbé e. Kúdí mi, wo Rọ́fíà bó ṣe wù ọ́. Fi ọjọ́ orí rẹ wé tirẹ̀, fi ìwé rẹ wé ìwé rẹ̀, fi gẹ̀lẹ̀ rẹ wé gẹ̀lẹ̀ rẹ̀ pàápàá, nínú ikùn rẹ. Kò sẹ́ni tó máa kà á sí ọ lọ́rùn. Ọjọ́ tó o bá la ẹnu sọ pé "dìde" ni ìṣirò bẹ̀rẹ̀. Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́.

Èkejì, tàbí kí n tilẹ̀ sọ pé òun gan-an ni èkíní, torí òun ló ń dà mí láàmú jù. O kò tíì gbọ́ ohun tí mo ṣe fún Ìyá Sìdí. Mo ti bẹ àwọn àbúrò rẹ pé kí wọ́n má sọ fún ọ.

Lẹ́yìn Iléyá, gbogbo wa wà ní ilé ńlá àwọn bàbá rẹ ní ìlú níbí. Bàbá Àgbà tó jẹ́ olórí ẹbí ní kí wọ́n ya àwọn ìyálé márààrún tó ṣáájú mi nínú ilé ní fọ́tò, kí wọ́n jókòó bí wọ́n ṣe wọlé síra wọn. Ó rí mi, ó ní, "Múínátù, ìwọ tó ń kọ́ kọ̀mpútà, wá to àwọn ìyálé rẹ." Inú mi dùn. Láti ìgbà tí mo ti wọlé ẹ̀kọ́, ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí ẹnikẹ́ni fi ọ̀rọ̀ kọ̀mpútà pè mí láìfi mí rẹ́rìn-ín.

O mọ ọ̀dẹ̀dẹ̀ yẹn. Ìyá Sìdí tó jẹ́ ìyálé gbogbo wa ti lọ jókòó sí àga ìparí, lẹ́bàá fèrèsé, nítorí afẹ́fẹ́ àti nítorí orúnkún rẹ̀. Ìyá Gànì tó wọlé kẹ́yìn nínú àwọn márùn-ún ló jókòó sí àga àkọ́kọ́, torí òun ló pẹ́ dé, òun ló sì sún mọ́ ilẹ̀kùn. Àwọn mẹ́ta tó wà láàárín wà ní àyè wọn gẹ́lẹ́. Ẹni tí orí rẹ̀ bá pé yóò ní kí àwọn méjì tó wà ní ìparí pààrọ̀ àga, onífọ́tò yóò sì yà wọ́n.

Èmi kò ṣe bẹ́ẹ̀. A ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ ìlànà kan ní kíláàsì lọ́sẹ̀ yẹn ni, èyí tí olùkọ́ ní ó ń ru bọ̀ sókè díẹ̀díẹ̀ bí ìfófòó ọṣẹ. Àwọn méjì tó bá fara kan ara wọn nìkan ni ó máa ń wò. Bí wọn kò bá tò, wọn á pààrọ̀, á sún sí àwọn méjì tó tẹ̀lé e, títí ìlà yóò fi tò. Mo wá dúró níwájú àwọn ìyálé mi bí ọlọ́pàá ojú pópó.

"Ìyá Gànì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá ẹni tó tẹ̀lé yín pààrọ̀." Wọ́n pààrọ̀. "Ẹ tún bá èyí tó tẹ̀lé e pààrọ̀, mà." Wọ́n pààrọ̀. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń sún Ìyá Gànì lọ sẹ́yìn títí tó fi bá Ìyá Sìdí pàdé, tí ìyẹn náà dìde. Mo wá padà bẹ̀rẹ̀ sí í sún Ìyá Sìdí bọ̀ níwájú, àga kan lẹ́yìn àga kan.

"Ìyàwó," Ìyá Sìdí ní, ó di apá àga mú, "ṣé mo tún dìde?"

"Ẹ̀ẹ̀kan sí i, mà. Ẹ sún síwájú ní àga kan."

"O ti sọ bẹ́ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan."

Ìyá Gànì ti fẹ̀yìn ti fèrèsé ní tirẹ̀, afẹ́fẹ́ ń fẹ́ ẹ. "Ẹ fi í sílẹ̀, ìyálé wa. Kọ̀mpútà ló ń bá a jà. Ẹ jẹ́ kó parí."

Onífọ́tò ní, "Ẹ̀yin màmá, òòrùn ń lọ o!"

"Kó máa lọ," Ìyá Sìdí ní. "Èmi náà ń lọ. Bí mo ṣe ń rìn yìí, ẹ kúkú wà mí dé Ìmùṣin, kí n bá yín kí àwọn ará ilé mi."

Gbogbo èèyàn rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, mo rò pé nǹkan ń lọ dáadáa. Ìlà tò lóòótọ́. Fọ́tò náà dára, mo ní ẹ̀dà rẹ̀ níbí. Bó o bá wò ó dáadáa, gbogbo wọn ló ń wo iwájú, àfi Ìyá Sìdí tó ń wo orúnkún rẹ̀.

Nígbà tí mo padà dé ṣọ́ọ̀bù, mo kó sáńdà márùn-ún sílẹ̀, mo fi ṣọ́ọ̀kì kọ nọ́ńbà sí wọn. Márùn-ún, méjì, mẹ́ta, mẹ́rin, ení: bí àwọn ìyálé mi ṣe jókòó gẹ́lẹ́. Mo fi ọ̀nà tèmi tò wọ́n, mo sì kà á dáadáa lọ́tẹ̀ yìí, ọwọ́ nìkan, n kò ka ojú. Ìpààrọ̀ méje. Mo tún fi ìlànà kejì tò wọ́n, èyí tó máa ń kọ́kọ́ wá ẹni tó yẹ kó wà níwájú rí kó tó fọwọ́ kan ẹnikẹ́ni. Ìpààrọ̀ kan. Mo rò pé mo ṣì í, mo tún un ṣe. Ọ̀kan náà ni. Nínú méje tèmi yẹn, ẹ̀ẹ̀mẹrin ni mo gbé ìyá tí orúnkún ń dùn dìde.

Orúnkún náà wú. N kò rí i ní ilé kéú fún ìgbà díẹ̀, oorun kò sì kùn mí. Nígbà tó yá, mo gbé ìkọ́kọrẹ́ lọ bẹ̀ ẹ́. Mo kúnlẹ̀.

Ó ní, "Dìde jàre. Àbí orúnkún tìrẹ náà fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ni?" Ó ṣí abọ́, ó tọ́ ọ wò, ó ní iyọ̀ rẹ̀ kò tó. Lẹ́yìn náà ló sọ ohun tí n óò sọ fún ọ yìí. "Orúnkún á sàn, ìyàwó. Kì í ṣe òun ló dùn mí. Láti ìgbà tí mo ti wọ ilé yìí, n kò sọ fún ìkankan nínú wọn rí pé kó dìde fún mi. Ibi tó bá wù mí ni mò ń jókòó sí, lẹ́yìn ni, níwájú ni, wọ́n mọ̀ pé èmi ni ìyálé wọn. Ìwọ wá mú mi dúró níwájú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, bíi pé mo wá gba àga lọ́wọ́ wọn."

Kúdí, n kò lè jẹ nǹkan kan lọ́jọ́ náà. Aṣáájú tó jìn sí kòtò, ó kọ́ ará ẹ̀yìn lọ́gbọ́n. Mo ti jìn sí i. Má ṣe tẹ̀lé mi.

Oníbàárà ń pè. Mo ń bọ̀.

Mo ti dé. N kò rántí iye tí mo ti kà dé mọ́, bóyá ẹ̀kẹta ni. Má fi mí rẹ́rìn-ín.

O ní ẹ̀ẹ̀kan péré ni, kí Rọ́fíà ṣáà dìde. Mo ti fi sáńdà to ẹ̀yin ìyàwó márùn-ún náà. Mo fi ohun tó o ti sọ fún mi nípa wọn ṣe é. Bí ẹ bá jókòó bí ẹ ṣe wọlé, ìlà yín ti tò. Ìpààrọ̀ rẹ̀ jẹ́ òdo. Kò sẹ́ni tó ń bá ẹnikẹ́ni jà lórí àga. Àmọ́ bó o bá dé tó o ní ọjọ́ orí ni kí ẹ fi tò ó, ìlà kan náà ti dà rú láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni mira. Ìwọ ju Rọ́fíà lọ, òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n o ti sọ fún mi pé o ju ìyàwó kejì náà lọ, àti pé ìkẹta ju ìkejì lọ. Àwọn méjì yẹn ti ń jẹ nínú abọ́ kan láti ọjọ́ pípẹ́, ọ̀rọ̀ ọjọ́ orí kò dé àárín wọn. Ìwọ ni wàá mú un dé. Mo kà á lẹ́ẹ̀mejì: mẹ́ta ni, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan. Bí ìwọ bá sì sinmi lórí ti Rọ́fíà nìkan, a jẹ́ pé kì í ṣe ọjọ́ orí lo fẹ́ fi to ilé. Rọ́fíà nìkan lo fẹ́ rẹ̀ sílẹ̀. Gbogbo ọ̀dẹ̀dẹ̀ ló máa rí i.

Òmíràn tún wà. Bí nọ́ńbà méjì bá dọ́gba, má pààrọ̀ wọn. Èyí náà ti gba máàkì lọ́wọ́ mi rí. Mo rí sáńdà méjì tí nọ́ńbà wọn jẹ́ ọ̀kan, mo yí wọn sí ara wọn, mo rò pé iṣẹ́ ni mò ń ṣe. Wàhálà lásán ni. Ibi púpọ̀ ni ìwọ àti Rọ́fíà ti dọ́gba. Ọmọ ọlọ́mọ ni yín méjèèjì, ẹ̀yin méjèèjì lẹ fi ilé yín sílẹ̀ wá sí ilé kan náà. Bóyá òun náà sunkún lọ́jọ́ tí wọ́n mú un wọlé. Bi í léèrè lọ́jọ́ kan, kì í ṣe ọjọ́ Àìkú.

Èyí tó gbẹ̀yìn ni mo fẹ́ràn jù, òun nìkan ló sì dá mi lójú díẹ̀. Ìlànà kẹta wà tí wọ́n kọ́ wa. Bí ìlà bá ti tò, tí ẹni tuntun dé, ẹ̀yìn ló ti ń wọlé, á wo ẹni tó wà níwájú rẹ̀. Bó bá jẹ́ pé ẹ̀yìn ni àyè rẹ̀, ibẹ̀ ló máa jókòó sí. Kò gbé ẹnikẹ́ni dìde. Ìpààrọ̀ òdo, Kúdí! Mo rẹ́rìn-ín nígbà tí mo rí i. Nínú gbogbo ohun tí mo ti kà láti ìgbà tí mo ti wọlé, kò sí èyí tó rọrùn tó bẹ́ẹ̀. Àti pé ilé yẹn ṣì ń gbé ìyàwó. Àbúrò ọkọ rẹ kékeré ńkọ́? Lọ́jọ́ tí ìyàwó tirẹ̀ bá wọlé, ó lè jẹ́ ẹni tó jù ọ́ lọ. Ìwọ yóò fẹ́ kó jókòó sẹ́yìn rẹ ní ìrọ̀rùn, láìwo ọ́ bí ẹní wo olè.

Mo mọ̀ pé ìwọ yóò ní, "Màámi, ẹ̀yin lẹ̀ ń sọ ọ́, kì í ṣe ẹ̀yin ni wọ́n ń fi sẹ́yìn ọmọ kékeré." Ṣé o rántí ọ̀sẹ̀ tí mo kọ́kọ́ wọlé? Mo fi omijé pè ọ́. Mo ní ọmọdébìnrin kan wà ní ọdún kejì, Àlímà, kò ju àbúrò rẹ tó kéré jù lọ, òun ló ń fi ibi tí n óò jókòó hàn mí, òun ló ń sọ fún mi pé bọ́tìnnì yìí ni kí n tẹ̀, tí mo sì gbọ́dọ̀ máa sọ fún un pé "ẹ ṣé". Mo ní mo fẹ́ padà sí ìdí bàtà mi. Ìwọ tó bá mi gba fọ́ọ̀mù, ìwọ tó ní kí n lọ, kí lo sọ fún mi?

O ní, "Màámi, kì í ṣe pé ó jù yín lọ. Ó wọlé ṣáájú yín ni. Ó ti mọ ibi tí iná ti ń gbé èèyàn."

Ọ̀rọ̀ yẹn ló gbé mi dé òní. Àlímà ló kọ́ mi ní ìlànà kẹta yẹn, pẹ̀lú sáńdà, lórí ilẹ̀ ṣọ́ọ̀bù mi. Rọ́fíà náà ti mọ ibi tí iná ti ń gbé èèyàn nínú ilé yẹn. Ó mọ ohun tí ìyá ọkọ yín kò fẹ́, ó mọ ọjọ́ tí àwọn ará ilé kì í fẹ́ gbọ́ ariwo. Jókòó tì í. Bí ẹnu rẹ kò bá tíì gba "ìyálé", bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú "ẹ káàárọ̀".

N kò mọ̀ bóyá ohun tí mo kọ yìí tọ̀nà. Bóyá mẹ́rin nínú mẹ́wàá náà ni. Bó o bá kà á tí kò wọ̀ ọ́ létí, tí o sì padà wálé lóòótọ́, n kì í ṣe ẹni tó máa ti ilẹ̀kùn mọ́ ọ. Yàrá rẹ wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n kọ́kọ́ lọ jókòó lọ́jọ́ Àìkú.

Ẹ̀bẹ̀ kan ló kù. Má fi ìwé yìí han ẹnikẹ́ni. Kì í ṣe nítorí máàkì mi nìkan, bó tilẹ̀ jẹ́ pé n kò fẹ́ kí Mùtíù mọ̀ ọ́n. Má sọ fún un pé mo kọ̀wé. Má sọ fún ìyá ọkọ rẹ. Fi í sí ìsàlẹ̀ àpótí rẹ, tàbí kó o sun ún. Bí wọ́n bá mọ̀ pé èmi ni mo kọ ọ́, wọn á ní ìyá rẹ̀ ló rán an kó jókòó sẹ́yìn. Jẹ́ kó jẹ́ pé ìwọ fúnra rẹ lo dé ẹnu ọ̀dẹ̀dẹ̀, o wo ìlà náà dáadáa, o rí àga tó ṣófo, o jókòó, ẹnikẹ́ni kò dìde.

Èmi ni ìyá rẹ,
Múínátù.